Ẹ̀kọ́ Tí Stationery Stores Kọ́ Wa



Olóyè Israel Adébájò, oníṣòwò bíi tiwa, ló dá ẹgbẹ́ agbábọ́ọ̀lù Stationery Stores sílẹ̀ ní Èkó ní 1958. Wọ́n gba Ife Challenge ní 1967 àti 1968. Bàbá papòdà ní 1969, ẹgbẹ́ kò túká: wọ́n tún gbà á ní 1982 àti 1990, wọ́n sì gba líìgì ní 1992. Lẹ́yìn náà ni ìjà ta-ló-ni-ín gbé wọn dé kóòtù, pápá sì dá páropáro.

Bí ògiri kò bá lanu, aláǹgbá kò lè wọ ibẹ̀. Gbọ̀ngàn tí a fẹ́ kọ́ yìí, ẹ jẹ́ kí ìwé ilẹ̀ rẹ̀ wà lórúkọ ẹgbẹ́, kì í ṣe lórúkọ ẹnìkan.

Ẹgbẹ́ wa kò ní tú o.