Bí Dókítà Ìgbanisíṣẹ́ Bá Kọ Ọmọ Wa



Ọ̀rọ̀ tí àwa olùkọ́ mú wá kò ṣàjèjì sí ilé púpọ̀ ní ìlú yìí. Ọmọ á parí ìwé mẹ́wàá, á dáhùn ìpè ìgbanisíṣẹ́ ọlọ́pàá, wọ́dà, panápaná tàbí Sífú Dìfẹ́ǹsì. Á sáré, á yege ìdánwò, lẹ́yìn náà ni wọn á ní ara rẹ̀ kò yẹ. Ẹnu lásán ni wọn á fi sọ ọ́, wọn kò ní kọ ọ́ sínú ìwé. Bí ó bá padà délé, àdúgbò á bẹ̀rẹ̀ sí í bi ara wọn léèrè àrùn tí ń ṣe é.

A kò sọ pé gbogbo ìkọ̀sílẹ̀ ni ìrẹ́jẹ. Ẹni tí yóò gbé ìbọn gbọ́dọ̀ ríran. Ìkéde ìgbanisíṣẹ́ kọ́ńsítébù ti béèrè pé kí ọkùnrin ga tó mítà 1.67, kí obìnrin ga tó mítà 1.64, ẹni tí kò bá ga tó bẹ́ẹ̀, kò sí adájọ́ tí yóò fà á gùn. Ìwé Òfin ọdún 1999 pàápàá fi àyè sílẹ̀ fún ìjọba: abala 42 kọ ìyàsọ́tọ̀, ṣùgbọ́n ìpín kẹta rẹ̀ gbà pé òfin lè ṣe ààlà lórí ẹni tí a ó gbà sí iṣẹ́ ọlọ́pàá àti ológun. Ẹni tí ó bá di abala yìí nìkan mú lè ṣubú ní kóòtù.

Ibi tí ọwọ́ wa ti le jù ni ọ̀rọ̀ kòkòrò HIV. Òfin ọdún 2014 kọ̀ fún agbanisíṣẹ́ láti fi àyẹ̀wò HIV ṣe gbèdéke kí ó tó gba ènìyàn, àfi bí àwọn oníṣègùn tí ó tó bẹ́ẹ̀ bá jẹ́rìí pé ewu gidi ń bẹ fún ẹlòmíràn. Òfin náà dárúkọ ọlọ́pàá, ológun àti àwọn iṣẹ́ aláṣọ ìjọba yòókù. Irú ẹjọ́ yìí ti wáyé níbòmíràn: ní ọdún 2008, ilé ẹjọ́ gíga kan ní Pretoria ní Gúúsù Áfíríkà dá a pé ìlànà iṣẹ́ ológun tí ń ti àwọn tí ó ní kòkòrò yìí sẹ́yìn lòdì sí ìwé òfin. Ní Èkó, nọ́ọ̀sì kan tí wọ́n lé níṣẹ́ ní 1995 gba ìdájọ́ mílíọ̀nù 7 náírà ní 2012. Ẹ ṣírò rẹ̀: ọdún 17!

Nítorí náà, kí ọmọ má ṣe kúrò níbẹ̀ láìbéèrè ìdí. Bí wọn kò bá fún un ní ìwé, kí òun kọ ìwé. Òfin Òmìnira Ìròyìn ti 2011 fún iléeṣẹ́ ìjọba ní ọjọ́ 7 láti dáhùn ẹni tí ó béèrè àkọsílẹ̀. Kí ó lọ ṣe àyẹ̀wò mìíràn ní Wesley Guild ní Iléṣà láàárín ọjọ́ díẹ̀. Bí wọ́n bá wọn ẹ̀jẹ̀ ríru ẹni tí ó ṣẹ̀ṣẹ̀ sáré nínú oòrùn, ó lè ga ju bí ó ti yẹ lọ. Ti ọlọ́pàá, kí ó kọ̀wé sí Ìgbìmọ̀ tí ń rí sí Iṣẹ́ Ọlọ́pàá ní Àbújá, èyí tí Ilé Ẹjọ́ Gíga Jù Lọ dá láre ní oṣù Keje 2023 pé òun ni ó ní àṣẹ láti gba kọ́ńsítébù. Ẹni tí ó bá ní kí ẹ mú owó wá kí èsì lè yí padà, olè ni.

Bí ó bá di ti kóòtù, ẹ má jẹ́ kí oṣù mẹ́ta kọjá, nítorí wọ́n lè fi ìyẹn ti ilẹ̀kùn mọ́ yín. Ilé Ẹjọ́ Iṣẹ́ ń jókòó ní Ìbàdàn àti ní Àkúrẹ́. Ẹni tí kò lówó, kí ó wá Ìgbìmọ̀ Ìrànlọ́wọ́ Òfin lọ. Àwa ará ìlú Bọ́lá Ìgè ni ó yẹ kí a máa sá fún ilé ẹjọ́ bí?

A ń bẹ ẹ̀yin tí ń bẹ ní ìdálẹ̀ pé kí ẹ dá owó fún àyẹ̀wò kejì àti owó ọkọ̀. Kí àwọn agbẹjọ́rò ọmọ ìlú fi orúkọ sílẹ̀ lọ́dọ̀ Akọ̀wé. Ẹ̀dà ìwé ni kí ẹ mú wá fún un, kí ojúlówó wà lọ́wọ́ yín. Kí èsì àyẹ̀wò wà nínú àpò ìwé tí a lẹ̀. A kò ní ka á ní ìpàdé.