Ẹ̀tọ́ Òṣìṣẹ́ Onígbà Díẹ̀ Nínú Ètò Ìrànwọ́ Ìjọba



Lọ́dún 2016 ni ìjọba àpapọ̀ Nàìjíríà dá ètò N-Power sílẹ̀. Àwọn 200,000 tó ti kàwé jáde ló kọ́kọ́ wọlé, 300,000 sì tẹ̀ lé wọn ní 2018. Wọ́n pín wọn sí ilé ẹ̀kọ́ alákọ̀ọ́bẹ̀rẹ̀, ilé ìwòsàn alábọ́ọ́dé àti iṣẹ́ àgbẹ̀, ní ₦30,000 lóṣù fún ọdún méjì. Ṣáájú ìgbà náà, ètò O-YES ti ìjọba ìpínlẹ̀ Ọ̀ṣun ti gba 20,000 ọ̀dọ́ síṣẹ́, ní ₦10,000 lóṣù. Nínú irú ètò báyìí, olùyọ̀ǹda ara ẹni ni wọ́n ń pe ẹni tó ń ṣiṣẹ́, tàbí ẹni tó ń jẹ àǹfààní ètò. Ibẹ̀ ni ìyà ti ń bẹ̀rẹ̀. Ẹni tí wọn ò kà sí òṣìṣẹ́, ta ni yóò bá a béèrè ẹ̀tọ́ òṣìṣẹ́?

Iṣẹ́ tí ènìyàn ń ṣe ló yẹ kí òfin wò, kó fi orúkọ tí wọ́n pè é sílẹ̀. Èmi kọ́ ni mo dá èyí sọ. Ní 2008, nínú ẹjọ́ Shena Security àti Afropak, Ilé Ẹjọ́ Tó Ga Jù Lọ sọ ohun tí adájọ́ yóò wò: ta ló ń yan àkókò iṣẹ́, ta ló ni irinṣẹ́ àti ibi iṣẹ́, ṣé owó oṣù ni wọ́n ń san, ṣé onítọ̀hún lè rán ẹlòmíràn dípò ara rẹ̀. Ẹ wá wo olùkọ́ N-Power nígbà tí ètò náà ń lọ. Ọ̀gá ilé ẹ̀kọ́ ló ń yan kíláàsì fún un, ṣọ́ọ̀kì ilé ẹ̀kọ́ ló fi ń kọ̀wé, kò sì lè ní kí àbúrò òun wá bá òun kọ́ àwọn ọmọ. Lójú tèmi, òṣìṣẹ́ ni.

Ṣùgbọ́n mi ò ní tàn yín. Òfin Iṣẹ́ ti 1974 yọ àwọn amọ̀ṣẹ́dunjú àti àwọn tó ń ṣe iṣẹ́ àbójútó kúrò lára àwọn tó dáàbò bò, nítorí náà olùkọ́ lè má rí ibi sá sí níbẹ̀. Àdéhùn tó tọwọ́ bọ̀ ni yóò dì mú. Bí ọjọ́ àdéhùn bá pé, iṣẹ́ parí nìyẹn. Òfin ò fipá mú agbanisíṣẹ́ láti tún un ṣe. Bí wọ́n bá já a kí ọjọ́ tó pé, tí àdéhùn ò sì fàyè gba bẹ́ẹ̀, owó oṣù tó kù di ohun tó lè bèèrè. Ìsọ̀rí àkọ́kọ́ N-Power bẹ̀rẹ̀ ní oṣù Kejìlá 2016, oṣù Kẹfà 2020 ni wọ́n tó ní kí wọ́n máa lọ. Lẹ́yìn ọdún méjì àdéhùn, wọ́n ṣì ń ṣiṣẹ́. Ta ló lè sọ pé kò sí àdéhùn kankan láàárín wọn ní gbogbo àkókò náà? Nígbà tí ìjọba sì dá ètò náà dúró ní oṣù Kìíní 2024, ọ̀pọ̀ ṣì ń retí owó oṣù tí wọn ò tíì gbà. Gbèsè ni owó iṣẹ́ tí a ti ṣe. Ìjọba ò gbọdọ̀ sọ ọ́ di àánú.

Òfin owó gbà-má-bínú fún òṣìṣẹ́, ti 2010, lawọ́ ju ti 1974 lọ. Ó ka òṣìṣẹ́ onígbà díẹ̀ àti ẹni tó ń kọ́ṣẹ́ mọ́ ọn, nílé iṣẹ́ ìjọba àti ti aládàáni. Bí abẹ́rẹ́ aláìsàn bá gún ọmọ tó ń ṣiṣẹ́ nílé ìwòsàn, kó fi tó ọ̀gá létí láàárín ọjọ́ 14, kó sì bèèrè owó náà kí ọdún kan tó pé. Àwọn tó dákẹ́ títí ọjọ́ fi kọjá pọ̀ jù.

Abala 254C nínú ìwé òfin ilẹ̀ wa ló gbé ẹjọ́ òṣìṣẹ́ àti agbanisíṣẹ́ lé ilé ẹjọ́ tiwọn lọ́wọ́. Bí ẹnikẹ́ni bá sọ fún yín pé ẹjọ́ lórí ìjọba ti kú lẹ́yìn oṣù mẹ́ta, ẹ sọ fún un pé ní 2019, Ilé Ẹjọ́ Tó Ga Jù Lọ ní òfin tó fi gbèdéke oṣù mẹ́ta sí irú ẹjọ́ bẹ́ẹ̀ ò kan àdéhùn iṣẹ́.

Ẹ̀yin ọ̀dọ́, ẹ tọ́jú ìwé tí wọ́n fi gbà yín, ìwé tí ẹ ń fọwọ́ sí láàárọ̀, àti àkọsílẹ̀ báǹkì. Ẹ̀yin aṣòfin, ẹ kọ ọ́ sínú òfin gbogbo ètò ìrànwọ́ pé òṣìṣẹ́ ni ẹni tí ìjọba bá rán níṣẹ́ lójoojúmọ́.