Músítádì Oní-máńgòrò: Bí Owó Ẹgbẹ́ Ṣe Ṣòfò àti Ohun Tí A Kọ́

Ọ̀rọ̀ tí ẹ̀ka àwọn obìnrin sọ níbi ìpàdé gbogbogbòò ọdọọdún ní Abidjan



Ní ọdún tó kọjá, ẹ yá àwa obìnrin ní 30,000 sẹfà láti inú àpò ẹgbẹ́ pé ká fi ṣe músítádì oní-máńgòrò tà. Ìgò 40 la ṣe. Ọjọ́ kẹfà kò tíì pé tí ìdérí fi ń yọ fúnra wọn. Gbogbo rẹ̀ la dà nù. Ẹ bi wá léèrè owó yín, ẹ̀tọ́ yín sì ni. Bí àgbà bá ṣubú, á wo ẹ̀yìn. Ohun tí a rí nígbà tí a wẹ̀yìn la wá sọ.

Músítádì yìí kì í ṣe irú, bó tilẹ̀ jẹ́ pé moutarde ni àwọn kan ń pe irú ní ilẹ̀ Bẹ̀nẹ̀. Hóró kékeré tí Bíbélì dárúkọ ni. Kánádà ni ọ̀pọ̀ hóró tí àwọn ará Faransé ń lò ti ń wá. Ọ̀gbẹlẹ̀ ba irè oko jẹ́ níbẹ̀ ní 2021. Nígbà tó di 2022, músítádì di ọ̀wọ́n ní ilẹ̀ Faransé fúnra rẹ̀. Hóró gbígbẹ kì í tètè bàjẹ́, ẹni tó bá sì ní in nílé lè ṣe tirẹ̀. Máńgòrò Korhogo ní tirẹ̀ a máa pọ̀ láti oṣù kẹrin dé ìkẹfà, ọ̀pọ̀ a sì jẹrà lórí àtẹ. Ìdí nìyẹn tí a fi dáwọ́ lé e.

Àṣìṣe wa jẹ́ méjì. Èkíní, omi gbígbóná la fi po ìyẹ̀fun rẹ̀. Ìgbà tí omi tútù bá kan hóró tí a lọ̀ ni títa rẹ̀ ń jáde. Omi gbígbóná a pa á. Èkejì, máńgòrò tí a kò sè la rò mọ́ ọn, a sì tò ó sórí pẹpẹ nínú ooru. Súgà inú èso náà bẹ̀rẹ̀ sí í kan bí ẹmu, afẹ́fẹ́ sì ti ìdérí.

Bí a ti ń ṣe é báyìí nìyí. Ẹ lọ hóró aláwọ̀ ìyeyè kó kúnná. Ẹ fi omi tútù ṣíbí ìjẹun 4 po ṣíbí 6 nínú rẹ̀, kí ẹ fi í sílẹ̀ fún ìṣẹ́jú 10. Ẹ wá da fínígà ṣíbí 3 àti iyọ̀ díẹ̀ sí i. Fínígà ni kì í jẹ́ kí títa rẹ̀ tètè lọ. Ẹ gún máńgòrò ńlá kan tó pọ́n, kí ẹ sè é pẹ̀lú fínígà ṣíbí 2, súgà ṣíbí 2 àti atalẹ̀ díẹ̀, títí yóò fi ki. Ẹ jẹ́ kó tutù pátápátá kí ẹ tó pò wọ́n pọ̀. Ẹ se ìgò àti ìdérí nínú omi híhó kí ẹ tó rọ ọ́ sí i.

Ó máa ń korò lọ́jọ́ àkọ́kọ́. Tó bá lo ọjọ́ 2 tàbí 3 nínú fìríìjì, ìkorò náà á rọlẹ̀. Inú fìríìjì ni kó máa wà, kí a sì jẹ ẹ́ tán láàárín oṣù kan. Ẹ kọ orúkọ rẹ̀ sára ìgò, nítorí àwọn kan wà tí músítádì ń mú kí ara wọn wú tàbí kí èémí wọn há.

Ìgò mẹ́wàá mẹ́wàá la ń ṣe báyìí, fún ẹni tó ti sanwó. A ti dá 18,000 padà. Ìyókù yóò pé kí máńgòrò míì tó dé. Ẹ jọ̀ọ́, ẹ má tìtorí tiwa ti ilẹ̀kùn mọ́ àwọn ọmọbìnrin tó bá wá yáwó lọ́la. Ẹ kàn bi wọ́n bóyá wọ́n ti ṣe ìgò kan péré wò ná.