Orúkọ fún Ohùn Àtọwọ́dá àti Ohùn Tí Ó Ti Lọ

Àlàyé òní dá lórí ohùn àtọwọ́dá, èyí tí kọ̀ǹpútà ń gbé jáde láti inú ọ̀rọ̀ tí ènìyàn bá tẹ̀ sínú rẹ̀, àmọ́ orúkọ kan ṣoṣo yìí kò kárí ọ̀ràn náà. Ní ọdún 1985, nígbà tí iṣẹ́ abẹ ọ̀nà ọ̀fun gba ohùn lẹ́nu Stephen Hawking, onímọ̀ sáyẹ́ǹsì ọmọ ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì, ohùn tí ó sọnù náà di ohùn àtẹ̀yìnwá, ìyẹn ohùn tí ènìyàn ní tẹ́lẹ̀ tí kò sì lè fi sọ̀rọ̀ mọ́. Ohùn ẹ̀rọ tí ó wá ń lò, tí Dennis Klatt, onímọ̀ nípa ohùn àtọwọ́dá, fi ohùn ara rẹ̀ ṣe ìpìlẹ̀ fún, ni ó yẹ kí a pè ní ohùn àyálò, bó tilẹ̀ jẹ́ pé Hawking kọ̀ láti pààrọ̀ rẹ̀ nígbà tí èyí tí ó jọ ti ènìyàn jù ú lọ dé, nítorí ó ti gbà á gẹ́gẹ́ bí ohùn tirẹ̀. Ohùn àyípadà yàtọ̀ sí ìwọ̀nyí, torí ohùn akọrin gan-an ni, tí ètò kọ̀ǹpútà bíi Auto-Tune, tí ó jáde ní 1997, tún ṣe.