Àkàrà Ọ̀dùnkún: Ẹ Má Ṣe Da Ìsàlẹ̀ Abọ́ Nù

(Ọ̀rọ̀ tí a sọ ní ìpàdé àwọn ọmọ ẹgbẹ́ ní Ìjẹ̀gùn)

Ọ̀rọ̀ tí a mú wá lónìí kì í ṣe ti èlé orí owó, kì í sì í ṣe ti ẹni tí kò tíì san gbèsè rẹ̀. Ọ̀rọ̀ ilé ìdáná ni. Ṣùgbọ́n ẹ má ṣe fojú kékeré wò ó, nítorí owó ẹgbẹ́ wà nínú rẹ̀.

Ẹ ó rántí pé a dá owó jọ láti ra ọ̀dùnkún, èyí tí àwọn mìíràn ń pè ní ànàmọ́. Dípò kí oníkálukú máa rà á ní òkìtì kéékèèké ní ọjà Ìkọ̀tún, a ra àpò mẹ́fà lẹ́ẹ̀kan. Kí ọ̀sẹ̀ méjì tó pé, púpọ̀ nínú rẹ̀ ti ń jẹrà. Àwọn kan nínú wa sọ pé àwọn kò ní bá wa dá owó ọjà mọ́. A kò dá wọn lẹ́bi. Ẹni tí owó rẹ̀ bá jẹrà lójú rẹ̀ ní ẹ̀tọ́ láti kùn.

Àṣìṣe tiwa ni. A kó o jọ sínú ọ̀rá, a sì ti ilẹ̀kùn mọ́ ọn. Bí ọ̀dùnkún bá dé, ẹ ṣà á. Ẹ yọ èyí tí ọkọ́ gé sọ́tọ̀, òun ni kí ẹ kọ́kọ́ jẹ. Ẹ tẹ́ ìyókù sí ibi gbígbẹ tí afẹ́fẹ́ ń fẹ́ sí, tí oòrùn kò sì ta sí. Ẹ má ṣe fọ̀ ọ́ títí di ọjọ́ tí ẹ ó lò ó, ẹ má sì gbé e sínú fìríìjì, nítorí òtútù a máa bà á jẹ́ nínú. Èyí tó bá ti bu, tó sì korò, ẹ dà á nù. Májèlé wà nínú rẹ̀, ẹ má ṣe fún ẹran ọ̀sìn pàápàá.

Èyí tí ọkọ́ gé lásán ni ìyá kan nínú ẹgbẹ́ wa kó lọ sílé. Wọ́n rin ín bí ẹni fẹ́ ṣe òjòjò, wọ́n dín in, ó sì rọ̀ jọ̀bọ̀tọ̀. Ẹ̀ẹ̀kejì ni wọ́n tó mọ ìdí rẹ̀. Ewùrà ní yíyọ̀ tó ń so ó pọ̀, ọ̀dùnkún kò ní in. Omi ni ọ̀dùnkún ní, omi yìí kan náà ni kì í jẹ́ kí ó gbẹ. Bí wọ́n ṣe kọ́ wa nìyí.

Ẹ mú ọ̀dùnkún tó tó kílò 1. Ẹ bó o, kí ẹ sì rin ín ní tútù, ẹ má ṣe sè é. Ẹ rin àlùbọ́sà 1 mọ́ ọn. Ẹ dà á sínú aṣọ funfun tó mọ́, kí ẹ lọ́ ọ, kí ẹ sì fún un lórí abọ́ títí omi kò fi ní kán mọ́. Ẹ má ṣe da omi abọ́ yẹn nù ní kíákíá. Ẹ fi í sílẹ̀ fún ìṣẹ́jú 10. Nígbà náà ni kí ẹ rọra da omi orí rẹ̀ nù, ẹ ó sì rí ohun funfun tó silẹ̀ sí ìsàlẹ̀ bí ògì. Ẹ há a padà sínú ọ̀dùnkún, òun ni yóò so ó pọ̀.

Ẹ fi ẹyin 2, ìyẹ̀fun àgbàdo tàbí fúláwà ṣíbí ìjẹun 3, àti ata rodo gígún sí i. Iyọ̀ ni kí ẹ fi kẹ́yìn, nígbà tí òróró bá ti gbóná, torí pé iyọ̀ a máa fa omi jáde. Ẹ tẹ̀ ẹ́ pẹlẹbẹ, kí ó má ṣe nípọn. Ẹ kọ́kọ́ ju díẹ̀ sínú òróró. Bí ó bá ń hó yí i ká, ó ti tó. Ẹ má ṣe kó púpọ̀ sí i lẹ́ẹ̀kan, kí òróró má baà tutù. Ṣùgbọ́n kí iná má ṣe le jù, nítorí ṣúgà tó wà nínú ọ̀dùnkún a máa tètè jóná. Ìṣẹ́jú 3 sí 4 tó fún ẹ̀gbẹ́ kan. Ẹ kó o sórí asẹ́, ẹ má ṣe dé e mọ́ inú abọ́, nítorí ooru ara rẹ̀ ni yóò tún sọ ọ́ di rírọ̀. Bí ẹ bá ṣe é báyìí, yóò gbẹ táútáú.

Ọ̀dùnkún funfun ni ó máa ń gbẹ jù. Ṣùgbọ́n bí ẹ bá rí èyí tí inú rẹ̀ pọ́n bí ọsàn, ẹ rà á fún àwọn ọmọ, kí ẹ sì fún omi rẹ̀ dáadáa. Ilé ìwádìí Umudike gbé irú rẹ̀ méjì jáde ní ọdún 2012 àti 2013, King J àti Mother's Delight. Fítámì A tó wà nínú rẹ̀ dára fún ojú, òróró sì ń ran ara lọ́wọ́ láti gbà á.

A kò gbọdọ̀ fo ọ̀rọ̀ iná. Ní Ìjẹ̀gùn yìí, ní ọjọ́ 15 oṣù karùn-ún ọdún 2008, katapílà tó ń ṣe ọ̀nà gún páìpù epo abẹ́ ilẹ̀, iná sì sọ, ẹ̀mí púpọ̀ ṣòfò. Nítorí náà, ẹ má ṣe fi òróró gbígbóná sílẹ̀ lórí iná lọ. Bí ó bá gbiná, ẹ má ṣe da omi sí i. Ẹ pa sítóòfù, kí ẹ sì fi ọmọrí irin bò ó.

Ẹ̀yin tí ẹ fẹ́ yọwọ́, ẹ gbọ́ tiwa. Àwọn àgbẹ̀ kòkó Agége tó wà nítòsí wa ti fọwọ́ sowọ́ pọ̀ láti ọdún 1907, nígbà tí òfin ẹgbẹ́ alájẹṣẹ́kù kò tíì sí. Ọdún 1935 ni òfin náà tó dé. Ìmọ̀ràn wa ni pé kí a máa ra àpò méjì péré lẹ́ẹ̀kan, kí a sì pín in ní ọjọ́ tó bá dé. Ohun tí ń jẹ́ àjẹṣẹ́kù ni pé kí a jẹ, kí ó sì ṣẹ́kù. Nígbà tí a pàdánù, a fẹ́ da gbogbo rẹ̀ nù pọ̀ mọ́ omi. Ẹ jẹ́ kí a dúró díẹ̀ ná, kí a wo ohun tó kù sí ìsàlẹ̀ abọ́.