Ẹlẹ́rìí Tí A Kò Bi Léèrè: Bí A Ṣe Ń Kọ Ìpín-afọ̀ Lórí Ewì

 

Ohun kékeré kan ni mo gbé wá. Ìpín-afọ̀ kan ṣoṣo ni, èyí tí akẹ́kọ̀ọ́ máa ń kọ nígbà tí wọ́n bá ní kó tú ewì palẹ̀. Bí mo ṣe ń yẹ ìwé ìdánwò wò láti ọdún yìí wá, ọ̀kan wà tí mo ti mọ̀ sórí. Ó máa ń lọ báyìí: ‘Akéwì lo àfiwé tààrà. Ó lo ìfohunpènìyàn. Ó lo àwítúnwí. Àwọn ọnà-èdè wọ̀nyí mú kí ewì náà dùn létí.’ Ọmọ náà kò purọ́. Gbogbo ohun tó dárúkọ ló wà nínú ewì. Àmọ́ ẹ gbé ìpín-afọ̀ yìí kúrò níbẹ̀, kí ẹ gbé e sábẹ́ ìjálá, kí ẹ gbé e sábẹ́ ẹkún ìyàwó, yóò bá gbogbo wọn mu. Nígbà náà, èwo nínú wọn ló sọ̀rọ̀ lé lórí?

Yorùbá mọ bí a ti ń rojọ́. Ẹni tó bá dé iwájú àwọn àgbà á kọ́kọ́ sọ ohun tó ń wí, á mú ẹlẹ́rìí wá, á sì bi ẹlẹ́rìí náà léèrè ọ̀rọ̀ títí tí ìdí ẹjọ́ yóò fi hàn. Ìlà tí a yọ nínú ewì ni ẹlẹ́rìí tiwa. Akẹ́kọ̀ọ́ tó bá kọ ìlà méjì sílẹ̀ tó sì kọjá lọ ti pe ẹlẹ́rìí, ó ti fún un ní àga, kò wá bi í ní nǹkan kan. Èyí tó ń to orúkọ ọnà-èdè kò tilẹ̀ mú ẹlẹ́rìí wá rárá.

Kí ọ̀rọ̀ yìí má bàa jẹ́ àfẹnusọ lásán, mo kọ ìlà mẹ́rin fúnra mi, nípa ìyá ẹlẹ́fọ̀ọ́ kan ní Adigbe, ní Abẹ́òkúta níbí, tí a ó fi ṣe àpẹẹrẹ:

Ilẹ̀ ṣú l’Ádigbe, ìyá ẹlẹ́fọ̀ọ́ kò tíì dìde.
Ẹ̀fọ́ ti rọ, apá kò rọ;
Ó ń wọ́n omi sí èyí tí oòrùn jẹ kù,
Bí ẹni tó ń wẹ ọmọ jòjòló.

Ìbéèrè wa ni pé: báwo ni akéwì ṣe fi ìforítì ìyá yìí hàn? Ìpín-afọ̀ tí mo máa fẹ́ kà rèé:

‘Akéwì fi hàn pé ohun tó ba ọjà ìyá ẹlẹ́fọ̀ọ́ jẹ́ kò rí ìyá náà fúnra rẹ̀ gbé ṣe. Ní ìlà kejì, ọ̀rọ̀-ìṣe kan náà ló lò lẹ́ẹ̀mejì: ẹ̀fọ́ “ti rọ”, apá “kò rọ”. Oòrùn kan náà ló pa àwọn méjèèjì láti àárọ̀, gbólóhùn méjèèjì sì dọ́gba, débi pé etí wa ti ń retí kí apá náà rọ. “Kò” ni a wá gbọ́. Ọ̀rọ̀ kékeré yìí ló ya obìnrin náà sọ́tọ̀ kúrò lára ọjà rẹ̀, a sì rí ìforítì rẹ̀ láìjẹ́ pé akéwì dárúkọ ìforítì.’

Ẹ wò ó, n kò pe ‘àwítúnwí’ níbẹ̀. Mo lè pè é, kò sì burú bí ọmọ bá pè é, ṣùgbọ́n orúkọ yẹn kọ́ ló ṣiṣẹ́. Ìbéèrè tí a bi ‘rọ’ ló ṣiṣẹ́: èé ṣe tó fi padà wá, kí ló sì yí padà nígbà tó padà wá?

Ọmọ tó já fáfá yóò bi mí pé, ìlà kẹrin ńkọ́? Ṣebí àfiwé tààrà ló wà níbẹ̀. Ó wà níbẹ̀ lóòótọ́, àmọ́ nǹkan mìíràn ló ń sọ. Ẹni tó ń wẹ ọmọ jòjòló kì í fi agbára ṣe é; ọwọ́ pẹ̀lẹ́ ni. Bí mo bá da èyí pọ̀ mọ́ ọ̀rọ̀ apá tí kò rọ, ìpín-afọ̀ mi yóò ní orí méjì. Ìpín-afọ̀ tuntun ni ó yẹ ẹ́, tí yóò bẹ̀rẹ̀ báyìí: ‘Ìforítì yìí kì í ṣe ti ẹni tó ń bínú.’ Ẹ rí i pé ìpín-afọ̀ kejì ti di ọwọ́ èkíní mú, ó sì gbé ẹjọ́ náà síwájú. Ibi tí ọ̀pọ̀ olùkọ́ ti ń ṣì í nìyí: wọ́n ní kí ọmọ wá ọnà-èdè márùn-ún, ọmọ sì wá a, àkàrà márùn-ún nínú bébà kan, èkíní kò mọ èkejì.

Ọ̀rọ̀ kan tún wà tó jẹ́ ti èdè tiwa gan-an. Bí akẹ́kọ̀ọ́ bá yọ ìlà kejì yẹn lò láìfi àmì sí i, kí ni mo fẹ́ kà? ‘Apá kò rọ’ ni, àbí ‘apá kò rọ́’? Èyí kejì ń sọ pé eegun kò yẹ̀ lápá rẹ̀. Ìyẹn ti di ọ̀rọ̀ oníṣègùn eegun. Àkọtọ́ tí ìjọba fọwọ́ sí ní 1974 ti là á kalẹ̀ bí a ṣe ń kọ èdè yìí. Nínú ewì, àmì ohùn wà lára ẹ̀rí. Ẹni tó bá yọ ọ́ kúrò ti gé ahọ́n ẹlẹ́rìí rẹ̀.

Ó ká mi lára pé Abẹ́òkúta ni mo ti ń sọ èyí. Ìlú yìí ni Henry Townsend ti bẹ̀rẹ̀ Ìwé Ìròyìn ní 1859. Ọmọ Ẹ̀gbá ni E. M. Líjàdù, òjíṣẹ́ Ọlọ́run tó tẹ orin Aríbilóṣòó sínú ìwé kékeré ní 1886. Ọmọ Ẹ̀gbá ni Ṣóbọ̀wálé Ṣówándé, tí a mọ̀ sí Ṣóbọ̀ Aróbíodu, tó gbé ohùn ìgbálá àwọn ọlórò sínú àrọ̀fọ̀ tí a ń tẹ̀ sí ìwé nígbà tí ọ̀rúndún ogún bẹ̀rẹ̀. Ẹni tó bá wí nípa àrọ̀fọ̀ Ṣóbọ̀ pé ‘ó lo àwítúnwí’ kò tíì dé ẹnu ọ̀nà. Ó yẹ kó sọ ohun tí àsọtúnsọ náà ń ṣe fún ẹni tó ń gbọ́ ohùn ìgbálá lẹ́yìn rẹ̀, àti ohun tó ṣe fún ẹni tó ń ka ìwé níbi tí kò sí ohùn.

Ọ̀jọ̀gbọ́n Ọlátúndé Ọlátúnjí ṣe irú iṣẹ́ yìí fún wa nínú ìwé rẹ̀ lórí àbùdá ewì alohùn Yorùbá, tó jáde ní 1984. Ó dárúkọ ọnà-èdè níbẹ̀, ó sì mú àpẹẹrẹ ewì wá, ó fi iṣẹ́ wọn hàn. Àwa tó wá lẹ́yìn ló mú orúkọ, tí a fi iṣẹ́ sílẹ̀, nítorí pé orúkọ rọrùn láti fún ní máàkì.

Nítorí náà, ẹ̀yin olùkọ́, mo bẹ̀ yín. Ìwé tí ẹ ó yẹ̀ wò lọ́la, bí ẹ bá rí ‘akéwì lo àfiwé’ níbẹ̀, ẹ má fa ìlà pupa tó ń sọ pé ó tọ̀nà sí ẹ̀gbẹ́ rẹ̀. Ẹ kọ ‘Báwo?’ síbẹ̀, kí ẹ sì dá ìwé náà padà fún ọmọ kó lọ dáhùn.