Ọlá Balógun: Sinimá Láàárín Nàìjíríà àti Bùràsíìlì

 

Bí a bá dárúkọ Olúyọ̀lé ní Mápó tàbí ní Bẹẹrẹ, kò sí ọmọdé tí yóò bi wá pé ta ni à ń wí. Baṣọ̀run ni. Ọjà'bà tí a ń ná títí di òní, Ọjà Ìbà ni. Oyè rẹ̀ ni a fi sọ ọ́. Orúkọ yìí kan náà ni a fún ọmọ ọba kan nínú sinimá tí wọ́n yà ní ilẹ̀ Bùràsíìlì, tí ó jáde ní 1978. Kì í ṣe Baṣọ̀run wa ni ó dúró fún o. Ọmọ ọba tí a mú lẹ́rú ni, tí a tà sí òkè òkun. Ọ̀pọ̀ ọdún lẹ́yìn èyí ni Bábátúndé, tí í ṣe ìran rẹ̀, gbé ère Yemọja dání, tí ó wá ẹbí lọ sí Bùràsíìlì, nítorí ìlérí tí ó ṣe fún baba rẹ̀ tí ó ń kú lọ. A Deusa Negra ni orúkọ sinimá náà, èyí ni Òrìṣàbìnrin Dúdú. Ọ̀mọ̀wé Ọlá Balógun ni ó darí rẹ̀.

Ìlú Abá ni wọ́n bí Balógun sí ní 1945, Yorùbá sì ni àwọn òbí rẹ̀. Ó kàwé ní Dákà àti ní ilẹ̀ Faransé, ó sì kọ́ iṣẹ́ sinimá ní ilé-ẹ̀kọ́ IDHEC ní Párìsì. Ó ṣe Amadi ní èdè Ìgbò ní 1975. Lọ́dún tí ó tẹ̀lé e ni Àjàní Ògún jáde, èyí tí àwọn òpìtàn máa ń kà sí sinimá gígùn àkọ́kọ́ ní èdè Yorùbá.

Ní èrò tèmi, kì í ṣe ọgbọ́n Párìsì nìkan ni ó mú kí àwọn ènìyàn tú jáde wá wo Àjàní Ògún. Dúró Ládiípọ̀ àti Adéyẹmí Afọláyan, Adé Love, wà nínú rẹ̀. Ìtàn ọ̀dọ́mọdé ọdẹ kan ni, tí ó ń bá olóṣèlú olówó kan jà lórí ogún baba rẹ̀ tí onítọ̀hún fi èrú gbà. Orin àti ijó sì kún inú rẹ̀. Àwọn ẹgbẹ́ eléré alárìnkiri ti kọ́ àwọn ènìyàn láti sanwó wo eré ní èdè wọn kí sinimá Yorùbá tó dé. Balógun mọ èyí, ni ó fi bá Adé Love ṣe Ìjà Òmìnira ní 1979, tí ó bá Hubert Ògúndé ṣe Aiyé, tí ó sì bá Moses Ọláìyá, Bàbá Sàlá wa, ṣe Ọ̀run Mọ̀ọ́rù ní 1982. Inú Ọmọ Olókùn Ẹṣin, ìwé Adébáyọ̀ Fálétí, ni wọ́n ti yọ Ìjà Òmìnira. Fálétí yìí kan náà ti ṣiṣẹ́ ní WNTV, tí ó bẹ̀rẹ̀ ní Ìbàdàn níhìn-ín ní 1959.

Ṣùgbọ́n ẹ wo ìnira iṣẹ́ náà. Nígbà náà, kò sí ibi tí a ti lè fọ irú fíìmù aláwọ̀ bẹ́ẹ̀ ní Nàìjíríà. Bí wọ́n bá yà á tán, wọn a dì í sínú agolo, ó di òkè òkun. Ibẹ̀ ni wọn yóò ti fọ̀ ọ́, tí wọn yóò sì ti tẹ ẹ̀dà rẹ̀, owó ilẹ̀ òkèèrè ni a ó sì fi san án. Bí ìran kan kò bá mọ́lẹ̀, kí a tó mọ̀, àwọn òṣèré ti tú ká. Ẹ̀dà wọ́n gógó. Agbátẹrù a máa gbé ìwọ̀nba tí ó ní láti ìlú dé ìlú, òun fúnra rẹ̀ a sì dúró ti ẹnu ọ̀nà, nítorí owó ìwọlé ni yóò fi san gbèsè. (Alárìnjò náà ni, àfi pé agolo ti rọ́pò ẹ̀kú.)

Bùràsíìlì ní ohun tí a kò ní. Embrafilme, ilé-iṣẹ́ ìjọba tí ó ń náwó sí sinimá nígbà náà, lọ́wọ́ sí A Deusa Negra, àwọn òṣèré dúdú bíi Zózimo Bulbul sì wà. Ọ̀pọ̀ ènìyàn ka iṣẹ́ ní ilẹ̀ méjì sí ògo. Èmi rí ẹrù níbẹ̀. Èdè Potogí ni wọ́n ń sọ nínú sinimá náà, kò sì lè ṣe kí ó má rí bẹ́ẹ̀, nítorí inú orin òrìṣà àti ìjọsìn ni Yorùbá fi ṣe ibùgbé ní Bùràsíìlì. Síbẹ̀, ará Ọjà'bà tí ó bá sanwó wo Àjàní Ògún kò ní gbọ́ ohun tí Olúyọ̀lé ti Bùràsíìlì ń wí. Bákan náà ni ará Bùràsíìlì kò ní gbọ́ ti Àjàní. Èmi kò dá Balógun lẹ́bi. Nàìjíríà tí ó náwó rẹpẹtẹ sórí FESTAC ní 1977 ì bá náwó díẹ̀ sórí fífi ohùn Yorùbá sí irú iṣẹ́ bẹ́ẹ̀.

Ìbéèrè mìíràn ni ti ibi tí àwọn agolo náà wà. Ní 2016 ni a ṣẹ̀ṣẹ̀ rí Shaihu Umar, sinimá Haúsá tí Adamu Halilu ṣe ní 1976, ní Jọ́ọ̀sì. Bẹ̀líìnì ni wọ́n ti tún un ṣe. Ọ̀pọ̀ nínú iṣẹ́ Balógun ni ó ṣòro láti rí wò títí di ìsinsìnyí. Ẹ̀yin olùkọ́ tí ẹ ń kọ́ni ní Ọmọ Olókùn Ẹṣin, ìwé náà wà lọ́wọ́ akẹ́kọ̀ọ́ yín. Ẹ bi wọ́n léèrè ta ni ó ti wo Ìjà Òmìnira rí.